Ilẹ̀ Tí A Ká Bí Ẹní

"Àná ni, Ọdẹ́bùnmi. Àná ni wọ́n wá, àná náà ni wọ́n lọ."

Ohun tí Ọ̀jẹ́làdé adẹ́mu kọ́kọ́ sọ fún mi nìyí, nígbà tó bá mi létí odò níbi tí mo ti ń fọ ẹ̀jẹ̀ ìgalà kúrò lọ́wọ́. Igbà tó fi ń gun ọ̀pẹ ṣì wà léjìká rẹ̀. Ó ti sáré títí èémí rẹ̀ fi ń dún bí ẹwìrì. Mo bi í pé àwọn wo ló wá.

"Àwọn ìránṣẹ́ Aláṣẹ. Wọ́n ní ìjọba fẹ́ lo ilẹ̀ Agbóríire. Wọ́n ní kí oníkálukú dúró lórí ilẹ̀ rẹ̀, kí ó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ohun tó wà níbẹ̀, kí wọ́n lè mọ ohun tí wọn yóò fi dípò fún un. Ìyá rẹ rán mi sí ọ. Mo wá ọ títí, n kò rí ọ. Ìgbà tí mo rí ọ nìyí."

"Kí ni ìyá mi sọ fún wọn?"

Ọ̀jẹ́làdé, tí ẹnu rẹ̀ kì í sinmi bó bá ti mu ẹmu rẹ̀ tán, wo ilẹ̀. "Lọ bi wọ́n fúnra rẹ," ni ó wí.

Ẹ̀yin tí ẹ pé jọ sábẹ́ igi obì yìí, ẹ bá mi rò ó wò. Èmi ọmọ Ọdẹ́gbàmí, tí ẹtu kan kò kọjá lẹ́yìn mi rí kí n má gbọ́, èmi tí àwọn ọkùnrin ìlú mìíràn máa ń fi orúkọ mi dẹ́rù ba ajá wọn tó bá ń ya ọ̀lẹ, èmi yìí ni ọ̀rọ̀ gba ẹ̀yìn mi kọjá ní ọjọ́ kan péré. Má rẹ́rìn-ín, Ìṣọ̀lá. Mo gbọ́ ọ níbi tí o fi ẹ̀yìn ti igi sí. Èmi ni mo dàgbà, etí mi kò tíì dàgbà. Ilẹ̀ tí gbogbo yín jókòó lé yìí kì í ṣe ilẹ̀ tí wọ́n bí mi sí. Ẹ mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ohun tí ẹ kò mọ̀ ni bó ṣe di tiyín, òun ni mo sì fẹ́ sọ kí ilẹ̀ tó pa ẹnu mi dé.

Kí ẹ tó mọ ohun tí mo bá nílé, ẹ ní láti mọ ìyá mi. Àwẹ̀ró ni orúkọ rẹ̀. Ilẹ̀ rẹ̀ kò pọ̀. Ìwọ̀nba tí bàbá rẹ̀ fi sílẹ̀ fún un ní ẹ̀gbẹ́ àfonífojì ni. Ṣùgbọ́n bó bá ti bímọ, ibẹ̀ ni í ri ìwọ́ ọmọ náà mọ́, á sì gbin obì lé e lórí. Orúkọ ọmọ ni igi náà á máa jẹ́. Bí ọmọ bá wà láàyè, ìyá mi á kí igi rẹ̀ bó bá ń kọjá lọ sódò. Bí ọmọ bá kú, á kí i síbẹ̀síbẹ̀, á wá dúró pẹ́ díẹ̀ sí i. Àwọn tó kú pọ̀ ju àwọn tó yè lọ. Ẹ má bi mí ní iye wọn. A kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ. Ìyá mi kò kà wọ́n rí, èmi náà kò kà wọ́n rí, bẹ́ẹ̀ ni gbogbo Agbóríire sì ti ń ṣe láti ìgbà ìwáṣẹ̀, nítorí pé bí gbogbo ìlú ṣe ń gbin igi tiwọn nìyẹn.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti bàjẹ́ gan-an nìyẹn. Àwọn ìránṣẹ́ dé ọ̀dọ̀ ìyá mi, wọ́n kí i dáadáa, wọ́n ní, "Ìyá, igi obì mélòó lẹ ní?"

Ìyá mi ní, "Èmi kì í kà wọ́n."

"Kò burú. Àwa á bá yín kà wọ́n."

Ni ìyá mi bá tú ìró, ó nà án síwájú àwọn igi náà bí ẹni ń dá ewúrẹ́ dúró. "Ẹ má dán an wò! Ta ló rán yín láti wá ka ọmọ fún mi? Ṣé àwọn tó lọ kò tó ni?"

Àwọn ìránṣẹ́ wo ojú ara wọn. Kì í ṣe ìkà ni wọ́n, àwọn tó rí wọn sọ bẹ́ẹ̀. Wọ́n ti ọ̀nà jíjìn wá ni, iṣẹ́ tí wọ́n rán wọn ni wọ́n sì fẹ́ jẹ́. Wọ́n ní ohun tí kò bá ní iye, àwọn kò rí i. Wọ́n lọ sí oko Ọ̀jẹ́làdé, wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ kan náà. Wọ́n lọ sí oko gbogbo ènìyàn, ọ̀rọ̀ kan náà ni. Nígbà tí oòrùn ń wọ̀, wọ́n kéde pé ilẹ̀ òfìfo ni gbogbo ilẹ̀ Agbóríire, pé a kì í san nǹkan kan dípò òfìfo. Wọ́n wá fún onílẹ̀ kọ̀ọ̀kan ní aṣọ ìnujú funfun kan. Wọ́n ní kí wọ́n fi nu ojú. Lẹ́yìn náà ni wọ́n tẹ̀ ba, wọ́n di etí ilẹ̀ mú, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ká a bí ẹní.

Ihò pupa ni mo bá níbi tí oko wa wà. Ìyá mi jókòó sí bèbè rẹ̀ pẹ̀lú aṣọ ìnujú yẹn lọ́wọ́, kò tíì tú u.

"Àyọ̀ká," ni ó wí. Oríkì mi nìyẹn, òun nìkan ló sì ń pè mí bẹ́ẹ̀. "Wọ́n ká ilẹ̀ mi. Mo ń gbọ́ ewé wọn bí wọ́n ṣe ń gbé wọn lọ. Ewé ọmọ mi ń dún nínú ẹní."

"Màá lọ wá a, ìyá mi."

"Ilẹ̀ kì í ṣe ẹran."

"Ohun yòówù kó jẹ́, bó bá ti rìn, ó ní ipa. Bó bá sì ní ipa, ọmọ Ọdẹ́gbàmí á tọ̀ ọ́."

Ó wò mí títí. Ó ní, "Ẹ̀mí mi kò ní gbé e mọ́ láti máa bá ẹnikẹ́ni du ilẹ̀. Láti òní lọ, mo fi í lé ọ lọ́wọ́. Bí o bá rí i, ohun tó bá tọ́ lójú rẹ ni kí o fi ṣe. Ṣùgbọ́n má kà wọ́n o. Pè wọ́n lórúkọ." Ó wá jókòó tì mí bí ìgbà tí mo wà ní kékeré, ó pe orúkọ gbogbo wọn sí mi létí, àti àwọn tí mo bá nílé, àti àwọn tó ti lọ kí n tó dé.

Bí mo ṣe gbé ìbọn mi nìyẹn. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ ìsinsìnyí, tí ẹ kò lè tọ ipa màlúù ní ojú ọ̀nà, ẹ tẹ́tí. Ilẹ̀ tí a gbé lọ a máa sọ nǹkan sílẹ̀. Mo rí ekòló tó ń rákò lórí òkúta, tó ń wá ibi tí yóò wọ̀. Mo rí àwọn èèrà tó tò gbọọrọ pẹ̀lú ẹyin wọn lẹ́nu, tí wọ́n ń tọ ilé wọn lẹ́yìn. Mo rí ẹtù kan tó ń sáré lójú ọ̀nà, tó ń ké pé ẹyin òun wà nínú ẹní. Níbi tí n kò ti rí nǹkan, mo ti imú sókè, mo sì ń gbọ́ òórùn ilẹ̀ tí òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ rọ̀ sí, bẹ́ẹ̀ òjò kò rọ̀. Ẹni tí ẹ̀gún gún lẹ́sẹ̀ ní í ṣe lákáǹlákáǹ tọ alábẹ́rẹ́ lọ. Èmi náà ń tọ ọ̀nà yẹn lọ títí mo fi wọ Igbó Agbàgbé.

Ẹ má bèèrè ọ̀nà ibẹ̀ lọ́wọ́ mi. Àwọn igi ibẹ̀ kò ní òjìji. Ẹyẹ ibẹ̀ á ya ẹnu láti kọrin, á wá dúró bẹ́ẹ̀, torí kò rántí orin mọ́. Agbàgbé tó ni igbó náà jókòó sí ìkóríta. Ó ga bí òkìtì ọ̀gán, ojú rẹ̀ dán bí àwo tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ fọ̀, kò sí ẹyinjú, kò sí imú, kò sí ẹnu. Àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ ni ẹnu rẹ̀ wà. Bó bá fẹ́ sọ̀rọ̀, á na ọwọ́ sí ọ bí ẹni tó fẹ́ dá ọ dúró.

Ó na ọwọ́ sí mi. "Abo ọdẹ, kí ni ohun tí wọ́n gbà lọ́wọ́ ẹni, tí wọ́n tún ní kí á dúpẹ́ pé wọ́n gbà á?"

Mo ní, "Ilẹ̀ ìyá mi ni."

Ó na ọwọ́ kejì. "Àsè kan wà. Gbogbo ìlú jẹ ẹ́ yó, ẹnì kan ṣoṣo ló sùn pẹ̀lú ebi. Ta ni?"

"Ẹni tí wọ́n fi ẹran rẹ̀ se é ni, tí wọn kò fún un ní òmíràn."

Mo rò pé màá rí ìbínú rẹ̀, mo ti di ìbọn mú. Ṣùgbọ́n omi jáde lójú tó dán yẹn, níbi tí kò sí ẹyinjú. Ó ní, "O mọ̀ ọ́n. Gbogbo àwọn tó kọjá ṣáájú rẹ ló mọ̀ ọ́n. Kì í ṣe òye ni wọn kò ní. Orúkọ ni wọ́n gbàgbé kí wọ́n tó dé ibi tí wọn yóò ti sọ ọ́. Máa lọ. Igbó mi kì í gba owó ibodè. Orúkọ ni ó ń gbà."

Ẹ̀yin ènìyàn mi, mo ti bá ẹfọ̀n wọ̀yá ìjà nínú ẹrẹ̀, ẹ̀rù kò bà mí. Ẹ̀rù bà mí lọ́jọ́ yẹn. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọ orúkọ àwọn ọmọ ìyá mi lórin, mo ń sáré, mo ń kọ ọ́. Igbó ń fà á lẹ́nu mi bí ọmọ ṣe ń fa ọmú. Mo fi eyín di wọ́n mú. Nígbà tí mo já sí gbangba tí mo tún orin náà kọ, àlàfo kan wà nínú rẹ̀. Mo wá a, wá a, bí ahọ́n ṣe ń wá ibi tí eyín ti yọ. Ọ̀kan ti lọ. N kò mọ̀ bóyá ọkùnrin ni tàbí obìnrin. Mo jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, mo sunkún, lẹ́yìn náà mo dìde, torí bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran.

Ohun tí mo rí níwájú ni ìlú tó so rọ̀.

Gbà-Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń pe ìlú náà. Àwọn ènìyàn ibẹ̀ so rọ̀ mọ́ ẹ̀ka igi bí àdán, wọn kì í ṣe ará ilẹ̀, wọn kì í ṣe ará òfuurufú. Aṣọ ìnujú funfun wà lọ́rùn oníkálukú wọn. Bí ẹnì kan nínú wọn bá fi ẹsẹ̀ kan ilẹ̀, ilẹ̀ á bi í pé, "Ta ló ni ọ́?" Bí kò bá sì rí ibì kan tọ́ka sí, ẹsẹ̀ rẹ̀ á jó bí ẹni tẹ iná.

Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Làtúnjí kọ́kọ́ rí mi. Ó pariwo láti orí igi rẹ̀. "Ẹ wá wo ẹlẹ́sẹ̀! Obìnrin, rọra tẹ ilẹ̀ o, kí o má tẹ̀ ẹ́ tán!"

Gbogbo igi rẹ́rìn-ín. Mo bi í pé báwo ni wọ́n ṣe dé orí igi.

"Wọ́n ní kí a gbà á bẹ́ẹ̀, a gbà á bẹ́ẹ̀. Wọ́n ká ilẹ̀ àwọn kan níbi tí wọ́n ti ń ṣiṣẹ́ oko, wọ́n ká ti àwọn kan nínú ilé tí bàbá wọn sùn sí. Àgbàlagbà tó wà lórí ìrókò lọ́hùn-ún yẹn, bó ṣe ń sùn lórí ẹní ni wọ́n ká a mọ́ ọn."

"Wọn kò ká mi mọ́ ọn," ni àgbàlagbà náà ké láti orí ìrókò. "Mo já bọ́!"

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín, ẹ̀rín àwọn tí kò níbi tí wọn yóò sùbú sí kò dùn ún gbọ́.

Nígbà tí ẹ̀rín rọlẹ̀, obìnrin kan tó ń jẹ́ Ìbídùn pè mí wá sábẹ́ igi tirẹ̀. Ó gbé ìkókó sí àyà, ó fi ọ̀já dè é mọ́ ẹ̀ka kí ó má baà jábọ́. Orí igi yẹn ló ti bí i. Ó tú etí ìró rẹ̀, ó fi ohun kékeré kan tó ti gbẹ hàn mí.

"Ìwọ́ rẹ̀ nìyí," ni ó wí. "Ó ti já láti ìgbà tí òṣùpá ti lé, mo ń tọ́jú rẹ̀ káàkiri bí olè. N kò ní ibi tí màá rì í mọ́. Ẹ jọ̀ọ́, bí ẹ bá rí ilẹ̀ yín gbà, ẹ bá mi rì í sí ẹ̀gbẹ́ kan níbẹ̀. Kò ní gba àyè. Kí ilẹ̀ lè mọ ọmọ mi bó bá sọ̀ kalẹ̀."

Mo na ọwọ́ gbà á. Ó fúyẹ́ ju ẹ̀pà gbígbẹ lọ. Mo bi í pé kí ni orúkọ ọmọ náà.

Ó ní, "Ìṣọ̀lá."

Kí ló dé tí o kò rẹ́rìn-ín mọ́, Ìṣọ̀lá? Má dìde. Jókòó, kí o fi ẹ̀yìn ti igi rẹ.

Ní òdìkejì Gbà-Bẹ́ẹ̀ ni olú-ìlú Aláṣẹ wà. Mo ti kó ìbínú jọ láti Agbóríire, mo ti pọ́n ọn lójú ọ̀nà. Mo fẹ́ bá ìlú àwọn ajẹgàba níbẹ̀, àwọn tó yó tó ń gbẹ́ eyín. Ìlú òùngbẹ ni mo bá. Odò wọn ti gbẹ. Ètè wọn là bí ilẹ̀ ọ̀gbẹlẹ̀. Àwọn ìyá ń gbé agbè òfìfo sí ìdí òrùlé kí ìrì lè sẹ̀ sínú rẹ̀. Bàbá arúgbó kan rí agbè ìgbàdí mi, ó rọra bi mí pé, "Ọmọ mi, ṣé omi nìyẹn?" Mo gbé e fún un. Ó fi kan ètè, ó gbé e fún ẹni tó tẹ̀ lé e. Agbè náà ti ọwọ́ dé ọwọ́ yí gbogbo àdúgbò ká, ó sì padà wá bá mi. Omi ṣì wà nínú rẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò mu; wọ́n kàn fi kan ètè kí ó lè kárí.

Ibẹ̀ ni ìbínú mi ti ṣẹ́ sí méjì, n kò sì rí i dì mọ́ títí di òní.

Aláṣẹ fúnra rẹ̀ jẹ́ ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tí ètè rẹ̀ là bíi tàwọn yòókù. Ó jókòó láàárín àwọn ẹní ilẹ̀ tí wọ́n tò kan àjà. Nínú ẹní kan ni mo ti ń gbọ́ igbe ewúrẹ́, nínú òmíràn odó ń dún, nínú òmíràn ẹnì kan ń pe ọmọ rẹ̀ wá jẹun.

"Ta ni ọ́, obìnrin?"

"Ọmọ Àwẹ̀ró ará Agbóríire ni mí. Kí ẹ pẹ́, Aláṣẹ. Ilẹ̀ ìyá mi ni mo bá wá."

"Ilẹ̀ Agbóríire? Òfìfo ni wọ́n ní ó jẹ́."

"Ẹ jẹ́ kí n pè é. Bó bá jẹ́ òfìfo, kò ní dá mi lóhùn."

Ọ̀rọ̀ rere ní í yọ obì lápò, nítorí náà mo rọ ohùn mi. Mo kọ́kọ́ pe Ọdẹ́bùnmi, nítorí pé ìtìjú kò sí nínú kí ènìyàn pe ara rẹ̀. Ẹní kan ní igun yàrá mì, ewé dún nínú rẹ̀. Mo pe Dúrósinmí. Ewé dún. Mo pe Bánjókòó, mo pe Rótìmí, mo pe gbogbo àwọn tí ìyá mi pè sí mi létí, wọ́n ń dá mi lóhùn lọ́kọ̀ọ̀kan láti inú ẹní, títí mo fi dé àlàfo yẹn. Mo dákẹ́ níbẹ̀. Inú ẹní náà dákẹ́ pẹ̀lú mi.

Aláṣẹ gbé ọwọ́ sókè. "Ó tó," ni ó wí. "Ṣé o rí àwọn ènìyàn mi níta?"

"Mo rí wọn."

"Àfonífojì yín nìkan ló lè gba omi òjò dúró fún wọn. Ṣé kí n jẹ́ kí wọ́n kú ni?"

"Rárá o, Aláṣẹ. Kí wọ́n mu. Èmi náà ti fún wọn ní tèmi. Ṣùgbọ́n àwọn tí yóò mu omi yìí pọ̀ bí eṣú, kí ló dé tó jẹ́ pé ìyá mi àti àwọn aládùúgbò rẹ̀ nìkan ló ń san owó rẹ̀? Bí ìlú bá nílò àgùntàn ẹnì kan, kí ìlú fún un ní àgùntàn tó dọ́gba kí wọ́n tó gbé ọ̀bẹ. A kì í fi aṣọ ìnujú dípò ẹran."

Nígbà tó dáhùn, ó dà bí ẹni tó ti ń retí láti sọ ọ́. "Òfin àwọn bàbá wa náà nìyẹn. Ohun tí a ó fi dípò gbọ́dọ̀ tó, ó sì gbọ́dọ̀ dé kí ẹsẹ̀ onílẹ̀ tó kúrò níbẹ̀. Òùngbẹ ń lé mi, mo gba ọ̀nà àbùjá. Kò sì sí ẹni tó dé ẹnu ọ̀nà mi tó ṣì rántí orúkọ ohun tí mo gbà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìwọ ni àkọ́kọ́."

Ó dìde, ó gbé ẹní náà lé mi lórí. Ó wúwo bí òkú àti bí ọmọ tó sùn.

"Ẹni tó bá lè sọ pé rárá nìkan ni a lè bi pé kí ni yóò gbà," ni ó wí. "Ẹni tí a ti gba tọwọ́ rẹ̀, ẹ̀bẹ̀ nìkan ló kù fún un. Nítorí náà, mo dá tìrẹ padà. Gbé e relé. Bí o bá tẹ́ ẹ, tìrẹ ni títí ayé, kò sí ọba tí yóò tún fọwọ́ kàn án. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tí o gbà wá yóò pa dé lẹ́yìn rẹ, n ó sì lo ilẹ̀ àwọn yòókù bó ṣe wà, láìfi nǹkan kan dípò. Bí o bá gbé e padà wá fún mi láìtẹ́ ẹ, dárúkọ ohun tó tọ́ sí i. Ohun tí o bá dárúkọ fún tìrẹ ni màá fún gbogbo wọn, àwọn ará Agbóríire àti àwọn tó so rọ̀: ilẹ̀ tó dọ́gba, ilé tó dọ́gba, àti oúnjẹ títí igi tuntun yóò fi so."

Mo ní, "Igi tuntun kò ní jẹ́ àwọn ọmọ ìyá mi."

Ó ní, "Rárá. Èyí n kò lè san."

Mo gba Gbà-Bẹ́ẹ̀ padà. Wọ́n rí ẹní lórí mi. Làtúnjí ké pé, "O rí tìrẹ gbà! O kú oríire o, ẹlẹ́sẹ̀!" Kò fi ṣe yẹ̀yẹ́. Inú rẹ̀ dùn sí mi tọkàntọkàn, èyí ló sì pa mí jù. Ìbídùn yí ojú ọmọ rẹ̀ sí mi kí ó lè rí mi bí mo ṣe ń kọjá. Mo wọ Igbó Agbàgbé, igbó kò bi mí ní nǹkan kan. Ó ti gba tirẹ̀.

Bí mo ṣe fi ìyá mi sílẹ̀ ni mo bá a, ní bèbè ihò, ṣùgbọ́n ó ti rù tó fi jẹ́ pé ìró rẹ̀ ló jókòó níbẹ̀ jù ú lọ. Ọ̀jẹ́làdé tó ń gbé omi ẹ̀kọ fún un rí mi, ó rí ohun tó wà lórí mi, ó sì rìn kúrò, òun tí ilẹ̀ tirẹ̀ kò bá mi bọ̀.

Mo sọ ẹní náà kalẹ̀. Mo sọ gbogbo ohun tí ojú mi rí fún ìyá mi, n kò fi ọ̀kan pamọ́. Ó fi etí lé ẹní náà bí ẹni ń tẹ́tí sí inú aboyún.

"Dúrósinmí wà níbẹ̀," ni ó wí. "Rótìmí náà nìyẹn, ewé tirẹ̀ máa ń le." Ó gbọ́ títí. "Àyọ̀ká, Kòsọ́kọ́ dákẹ́."

Kòsọ́kọ́! Orúkọ náà nìyẹn. Kòsọ́kọ́, pé kò sí ọkọ́ tí a ó fi gbẹ́ ilẹ̀ fún un mọ́, kó má tún lọ. Bẹ́ẹ̀ ló sì lọ.

"Igbó gbà á lẹ́nu mi, ìyá mi. Ẹ má bínú."

Kò bínú. Ó fi ẹnu kan ẹní náà, ó pè é jẹ́jẹ́: "Kòsọ́kọ́, ọmọ mi." Ewé kan dún nínú rẹ̀ lọ́hùn-ún. Ìyá mi rẹ́rìn-ín. N kò gbọ́ ẹ̀rín yẹn láti ìgbà tí bàbá mi ti kú.

"Gbogbo wọn ló pé," ni ó wí. "Tẹ́ ẹ, Àyọ̀ká. Ẹ̀yìn ń dùn mí. Mo fẹ́ fi ara ti wọn díẹ̀."

Ọwọ́ mi kan wà ní etí ẹní. Ìkejì wà nínú àpò mi, ó di ohun kékeré gbígbẹ yẹn mú. Mo kúnlẹ̀ kí ojú wa lè ṣe ẹ̀ẹ́rin.

"Ìyá mi," mo ní, "mi ò ní tẹ́ ẹ. Màá gbé e padà fún Aláṣẹ, kí gbogbo àwọn tó kù lè rí ohun tó tọ́ sí wọn gbà. Ẹ kò ní rí igi wọn mọ́. Ẹnikẹ́ni kò fi ipá mú mi. Èmi ni mo yàn bẹ́ẹ̀."

Bí ilẹ̀ tí ẹ jókòó lé yìí ṣe di tiyín nìyẹn.